Oríkì Tí Kò Dín

Àkànjí kórìíra orin tí wọ́n fún pọ̀ kó lè gba orí fóònù. Ó ní irú orin bẹ́ẹ̀ dà bí ẹ̀kọ tó lómi jù. Ìdí nìyí tó fi ń fi sùúrù gba àwo àtijọ́ àti kásẹ́ẹ̀tì sínú kọ̀ǹpútà, láìjẹ́ kí èémí olórin kan bọ́ sọnù.

Kásẹ́ẹ̀tì kan ló kù, èyí tí ìyá rẹ̀ ti ki bàbá rẹ̀ nígbà tí ọkùnrin náà wà láyé.

"Àkànjí, èyí tí wọ́n gé kù lórí fóònù ti tó wa. A kì í ki òkú tán, kó má baà rò pé à ń pe òun."

"Màámi, ẹni tó bá pe òkú ní pópó, ṣebí alààyè ní í dá a lóhùn."

"Máa fi mí ṣẹ̀fẹ̀. Etí òsì mi tí bàbá rẹ gbá di, ìyẹn ò tíì gbàgbé."

Lẹ́yìn àdúrà ìrọ̀lẹ́, Àkànjí tan oríkì inú kásẹ́ẹ̀tì náà lórí kọ̀ǹpútà. Ohùn ìyá rẹ̀ jáde gaara, ìlà oríkì kan kò dín. Bí ó ti parí, ẹnìkan dáhùn pé, "Hẹ́ẹ̀n."

Àkànjí yára pa kọ̀ǹpútà. Ẹni náà wúkọ́ lẹ́yìn ilẹ̀kùn, ó sì ń nu ẹsẹ̀ rẹ̀ nílẹ̀.

Kí Àkànjí tó yíjú padà, ìyá rẹ̀ ti wà lórí ìkúnlẹ̀, ó fi ọwọ́ bo etí ọ̀tún.

"Ẹ káàbọ̀, Bàbá Àkànjí," ni ó wí. "Ẹ jọ̀ọ́, ọmọ yín ló pè yín. Kì í ṣe èmi."