Ilé Wa Ló Fa Ìdádúró

Ẹ̀rọ ara ògiri tún ti bẹ̀rẹ̀ ìyọnu rẹ̀ láàárọ̀ yìí. "Ẹ kú àárọ̀. Bàálù àkọ́kọ́ máa kọjá lórí ilé yín láìpẹ́. Ènìyàn mélòó ló wà nílé?"

Ìyá ọkọ mi ló dá a lóhùn. "Ilé kún."

"Èsì yín kò yé mi. Ẹ sọ iye."

"A kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ."

Ojoojúmọ́ la máa ń fà á báyìí. Bí ilé kan ṣoṣo kò bá dáhùn, bàálù ò ní gbéra, wọ́n á sì kọ orúkọ wa gàdàgbà sójú pátákó ní pápákọ̀ òfuurufú pé àwa la fa ìdádúró. Mo gbé abọ́ tí mò ń fọ̀ sílẹ̀.

"Màmá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ pé márùn-ún. Ó ti sú mi."

Lọ́dún tí bàálù já lu àdúgbò yìí, ìjọba mọ orúkọ gbogbo èrò inú rẹ̀ àti ìjókòó kálukú. Ṣùgbọ́n Mopélọ́lá, àbígbẹ̀yìn Màmá, tó kàn yà kí wa lọ́jọ́ náà, kò sí nínú ìwé kankan. Nígbà tí wọ́n kó iye òkú tó wà nínú ìwé wọn tán, wọ́n kó katakata wọn lọ láìwá a. Látìgbà náà ni wọ́n ti ń ka àwa tó wà nílé kí bàálù tó gbéra, kí wọ́n lè mọ iye òkú tí wọ́n máa wá bí òmíràn bá já.

Màmá kọjú sí ẹ̀rọ. "Mẹ́fà."

"Màmá, àwa márùn-ún la wà nílé."

"Mo mọ̀. Bí òmíràn bá já, wọ́n á wá Mopélọ́lá."