Ọ̀kẹ́rẹ́ di Ìyá Ọlọ́mọ

Àlọ́ mi sáré títí, ó bọ́ sẹ́yìn Ọ̀kẹ́rẹ́ olójúkòkòrò.

Ó pàdé Ìyá Aláǹtakùn, irú èyí tí kì í hun àwọ̀n, tó jẹ́ pé eré ló fi ń ṣọdẹ. Ìyá so nǹkan funfun roboto mọ́ ìdí, kì í sì í gbé e sílẹ̀.

“Ìyá, kí lẹ so mọ́dìí yẹn?”

“Àwọn ọmọ mi ni.”

Ọ̀kẹ́rẹ́ rẹ́rìn-ín. Lójú tirẹ̀, ẹ̀pà ni, Ìyá kàn ń ṣahun ni. Bí Ìyá ṣe kọ ìdí sí oòrùn kí ó lè móoru, ó já a gbà, ó fi eyín fà á ya. Ni àwọn ọmọ wẹ́wẹ́ bá tú jáde, wọ́n gun ẹ̀yìn rẹ̀ bẹẹrẹ, wọ́n ń kọrin:

Ìyá, pọ̀n wá o,
— Jàǹjálá!
Má sọ wá nù o,
— Jàǹjálá!

Ọ̀kẹ́rẹ́ fò sókè, ó yí gbirigbiri nílẹ̀. Wọ́n ṣebí eré ni, wọ́n dì í mú ṣinṣin. Ó bẹ Ìyá pé kó wá kó wọn.

“Ìwọ ni wọ́n kọ́kọ́ gùn. Tí wọ́n bá bọ́ awọ wọn tán, wọ́n á lọ. Jẹ́ kí n sinmi díẹ̀.”

Ìyá sùn lọ. Ọ̀kẹ́rẹ́ bínú títí ó fi rẹ̀ ẹ́, ló bá ń rìn jẹ́jẹ́. Nígbà tí Alángbá fi ariwo kí i lọ́nà, ó fi ìka sétè.

“Rọra sọ̀rọ̀. Àwọn ọmọ ṣẹ̀ṣẹ̀ sùn ni.”