Ìjà Àdéhùn Tó Tú Ọ̀nà Oko Wa

Ẹ má gbé èyí sílẹ̀ ní ìdajì o, ẹ kà á tán. Mò ń sáré tẹ̀ ẹ́ ni, torí Sọ̀fíyù tí wọ́n ń wá kiri Ìfọ̀nyìn, ìlú wa ní bodè Nàìjíríà, yàrá mi níbí ló sá sí.

Sọ̀fíyù àti Régis, olórin ni wọ́n, ọ̀rẹ́ ni wọ́n. Orin wọn ò tà. Wọ́n wá ń wo àwọn olórin Púnjábì ilẹ̀ Íńdíà lórí fóònù, bí wọ́n ṣe ń bú ara wọn táyé ń rọ́ lọ wò wọ́n. Régis ní, “Mon frère, arákùnrin mi, jẹ́ ká ṣe bíi pé à ń jà.” Àdéhùn ni o. Eré.

Ó kọ́kọ́ dùn. Régis bọ́ sí láìfù: “Sọ̀fíyù, ohùn ẹ dà bíi ti ewúrẹ́ tójò ń pa!”

“Ìwọ tí bàtà ẹ ń yanu bí ẹja!”

Àwọn tó ń wò ń kọ ọ́ sísàlẹ̀: “Ata ò tíì tó!”

Ni Sọ̀fíyù bá wá ata lọ. “Régis, kí lo fi ń ṣe yanga? Ṣé kì í ṣe Fábíyìí ẹ̀gbọ́n ẹ ló ń gbé ìrẹsì gba ẹ̀yìn oko ọ̀pẹ Tchaada kọjá sí Nàìjíríà? Ìdí ìrókò tó jó yẹn, ta ni ò mọ̀ ọ́n?”

Ẹ̀yin ọmọ bodè, ẹ gbà mí! Ta ló ń dárúkọ ọ̀nà oko, ọ̀nà fàyàwọ́, lójú ayé?

Ilẹ̀ mọ́, àwọn aṣọ́bodè ti dúró sídìí ìrókò. Fábíyìí rí wọn, ó yí ọ̀kadà padà, ó ṣubú, ẹsẹ̀ ẹ̀ kán. Wọ́n kó ìrẹsì lọ. Ìrẹsì ta ni? Ti Ràfátù, ìyá tó bí Sọ̀fíyù!

“Sọ̀fíyù, ìwọ lo tà mí?” Ìyẹn nìkan ni ìyá ẹ̀ sọ.

Régis pè é, ó ń sunkún. “Eré la jọ sọ! Ṣé ẹ̀gbọ́n mi wà nínú eré?”

Sọ̀fíyù sáré bọ́ sí láìfù, ó kúnlẹ̀. “Ẹ jọ̀ọ́, àdéhùn ni! A ò jà rárá!” Ẹ mọ ohun tí wọ́n kọ? “Háà, ó mà mọ eré ṣe o! Ata ti wà níbẹ̀ báyìí!” Wọn ò wò ó tó bẹ́ẹ̀ rí. Ẹnì kan ò gbà á gbọ́. Àwọn ọmọ Tchaada tó ń jẹun lójú ọ̀nà yẹn ti gun ọ̀kadà, wọ́n ń wá olófòófó.

Donc, torí náà, ẹ̀yin tí ẹ ń fi ìjà ta orin, mo kìlọ̀ fún yín. Ẹni tó ń wò yín ò mọ̀ pé eré ni, kò sì kàn án. Ẹ má fi ọ̀nà tí ilé yín ti ń jẹun dá àlejò lára yá. Ẹ fi èyí ránṣẹ́ sí olórin àdúgbò yín.

Mò ń gbọ́ ọ̀kadà níta. Sọ̀fíyù ti dìde. Ó fi irin há ilẹ̀kùn, ó jókòó.