Ìbéèrè Tó Kù

“Mọ́mì Ọ̀kà, ó ku ìbéèrè kan,” olùwádìí kan tó ń kọ ìdáhùn àwọn ará ìlú sínú ìwé ìbéèrè ìlera sọ fún ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ̀. “Ǹjẹ́ jẹjẹrẹ ọmú ti pa ẹnikẹ́ni rí nínú ẹbí wa?”

“Ó pa ìyá rẹ. Ó pa ìyá tó bí wa náà.”

Bírò bọ́ lọ́wọ́ olùwádìí náà. “Ibà lẹ sọ fún mi!”

“Àwọn àna rẹ ń wádìí ìdílé wa nígbà náà. Ta ni ì bá fẹ́ ọ?” Mọ́mì Ọ̀kà di ọwọ́ rẹ̀ mú. “Démiládé ọmọ rẹ ń lọ sílé ọkọ lóṣù tó ń bọ̀. Jọ̀ọ́, má kọ ọ́ sínú ìwé yẹn.”

Olùwádìí náà fọwọ́ kan kókó abẹ́ apá rẹ̀, èyí tí kò tíì fi han ẹnikẹ́ni. Omi lé ròrò sójú rẹ̀. Ó he bírò nílẹ̀, ó kọ “Rárá.”