Míìsì Tarrant Kì í Fọlẹ̀

Ó ti pé ọdún mẹ́tàdínlógún tí Beryl Tarrant ti ń ṣeré sinimá nílé iṣẹ́ fíìmù kan lẹ́yìn ìlú Lọ́ńdọ̀nù, síbẹ̀ kò sí ẹni tó mọ orúkọ rẹ̀. Òun ni ọmọ ọ̀dọ̀ tó ń ṣílẹ̀kùn. Òun ni nọ́ọ̀sì tó ń wí pé, "Dókítà ti dé." Àwọn èèyàn a rí i lójú pópó, wọn a ní, "Ojú yìí mà jọ ojú tí mo mọ̀," wọn a sì bá tiwọn lọ.

Lóṣù kẹta ọdún 1952, ire dé. Wọ́n ní kó ṣe obìnrin agbálẹ̀ tó rí apànìyàn: ìran mẹ́ta gbáko, kámẹ́rà á sún mọ́ ojú rẹ̀, orúkọ rẹ̀ á sì hàn gàdàgbà níbẹ̀rẹ̀ fíìmù. Ẹni àádọ́ta ọdún ni. Ó mọ̀ pé bí èyí bá bọ́, òmíràn ò sí mọ́.

Kò sí ẹni tó ń tètè débi iṣẹ́ tó o. Kí àwọn yòókù tó wọlé, á ti wọ ìbọ̀wọ́ funfun, á ti jókòó ti tíì rẹ̀, á wá máa yọ ṣùtì sí wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Ọmọge tó ń ṣe olórí eré ò lè há ọ̀rọ̀ mẹ́wàá sórí. Ọ̀gbẹ́ni Pargeter, ọ̀gá tuntun tó ń darí fíìmù náà, bàtà rẹ̀ ń dán ju ọpọlọ rẹ̀ lọ. Ṣùgbọ́n àwọn agbálẹ̀ ló fojú pa rẹ́ jù.

"Kí ló wà lára agbálẹ̀ tí mo fẹ́ kọ́?" ló bi obìnrin tó ń kun ojú rẹ̀ ní àtíkè. "Wọn ò kúkú ní làákàyè. Màá dúró, màá sọ ọ̀rọ̀ mi, ó parí."

Bẹ́ẹ̀ náà ni ìwé eré wí: kó dúró lẹ́nu ọ̀nà, kó sọ̀rọ̀. Àfi bí Pargeter ṣe gbé korobá àti búrọ́ọ̀ṣì kalẹ̀ níwájú rẹ̀.

"Míìsì, ẹ kúnlẹ̀. Mo fẹ́ kẹ́ ẹ máa fọlẹ̀ bẹ́ ẹ ti ń sọ̀rọ̀."

"Kò sí nínú ìwé, ọ̀gá."

"Ó ti wà níbẹ̀ báyìí. Ẹ bọ́ ìbọ̀wọ́ yẹn."

"Òtútù ń mú mi."

Ó kúnlẹ̀. Ó fi ìka méjì gbé búrọ́ọ̀ṣì bí ẹni gbé òkú eku, ó fi ra ilẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì. Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín.

"Háà! Ṣé bí wọ́n ṣe ń fọlẹ̀ nìyẹn?" ni Pargeter pariwo. "Ẹ ò rí agbálẹ̀ rí ni?"

Ada Dobbs, ọ̀kan nínú àwọn agbálẹ̀ ibẹ̀, fara ti ògiri, ó ń jẹ búrẹ́dì. Ó la ẹnu láti sọ̀rọ̀. Beryl wò ó. Ada fi búrẹ́dì dí ẹnu.

Pargeter bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀. "Ẹ sọ òótọ́ fún mi. Ṣé ẹ ti fọlẹ̀ rí láyé yín? Bó jẹ́ ẹ̀ẹ̀kan péré, ó ti wà lára yín nìyẹn, a ó jọ wá a jáde. Bí ẹ ò bá fọ̀ ọ́ rí, mi ò lè lò yín."

Ó tó ọgbọ̀n èèyàn tó ń wò ó, ọmọge olórí eré sì fọwọ́ bo ẹnu. Beryl dìde, ó gbọn aṣọ rẹ̀.

"Èmi kẹ̀? Ṣé mo jọ ẹni tó ń fọlẹ̀ lójú yín ni? Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́!"

"Ó kúkú hàn," ni Pargeter wí. "Ìyáàfin ńlá. Ẹ máa lọ sílé yín, màá wá ẹlòmíràn."

Beryl gbé orí sókè, ó jáde. Ọkàn rẹ̀ bà jẹ́, ṣùgbọ́n kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni rí i.

Láago mẹ́fà àárọ̀ ọjọ́ kejì, Pargeter tètè dé, ó bá agbálẹ̀ kan lórí ìkúnlẹ̀ ní ọ́fíìsì rẹ̀, tó kọ ẹ̀yìn sí i, tó ń fọlẹ̀ bọ̀ wéréwéré, ló bá pàtẹ́wọ́, ó ní, "Òun nìyí! Bó ṣe yẹ kó rí gan-an nìyẹn! Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ yíjú sí mi, mo ní iṣẹ́ sinimá fún yín," Beryl Tarrant, tó ti ń fọ ọ́fíìsì yẹn láràárọ̀ fún ọdún mẹ́sàn-án, sì tún ki àkísà bọ omi, kò yíjú.