Fáìlì Bàbá Ọdẹ́wálé

Èmi akọ̀wé kóòtù ni mo gbé fáìlì Bàbá Ọdẹ́wálé pamọ́ sókè àjà. Àwọn tó ń bá a du ilẹ̀ ló bẹ̀ mí, n kò sì lè kọ̀. Ọdún mẹ́sàn-án ni bàbá fi ń fi ọ̀pá tilẹ̀ wá, tí adájọ́ kò rí fáìlì kà, tó ń sún ẹjọ́ síwájú ṣáá. Bàbá á rẹ́rìn-ín sí mi: "Ọmọ mi, jọ̀ọ́, bá mi wá a dáadáa."

Àná ni wọ́n sin ín.

Nírọ̀lẹ́ òní, nígbà tí gbogbo èèyàn ti lọ, mo gbé e sọ̀kalẹ̀ kí n lè dá a padà sáyè rẹ̀. Mo gbọn eruku rẹ̀ nù, mo wo orúkọ iwájú rẹ̀. Ní kóòtù, ẹ̀ẹ̀mẹ́ta la máa ń pe ẹni tó lẹ́jọ́ kí a tó gbà pé kò wá. Ó ti mọ́ mi lẹ́nu jù. Kí n tó mọ̀, mo ti ké e lẹ́ẹ̀mẹ́ta: "Ọdẹ́wálé Àjàdí!"

Ọ̀pá dún ní ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ó ń bọ̀ díẹ̀díẹ̀, ó sì dúró lẹ́yìn mi.

"Mo ti dé, ọmọ mi. Ibo lo ti wá rí i?"