Àtàǹpàkò Òsì

Kóòtù ìlú Sangli kún fọ́fọ́, ìyá mi di apá mi kan mú. Ọwọ́ mi kejì wà nínú àpò.

Ẹjọ́ gbèsè ni. Bí adájọ́ kò bá fún ìyá mi láyè láti rojọ́, Dhondiram olówó èlé jàre lónìí nìyẹn, ilé wa lọ.

Adájọ́ na ìwé gbèsè náà sókè. "Màmá, ẹ̀yin lẹ tẹ̀ka sí ìwé yìí?"

"Olúwa mi, bí mo bá rí ìwé yẹn rí, kí ojú mi méjèèjì fọ́."

Dhondiram rẹ́rìn-ín. "Gbogbo onígbèsè ló máa ń gbàgbé."

Lọ́yà wa dìde. "Olúwa mi, ọwọ́ ọ̀tún lobìnrin fi ń tẹ̀ka lágbègbè yìí. Ọkùnrin ló ń lo òsì. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ka ohun tí wọ́n kọ sábẹ́ ìka yẹn."

Adájọ́ gbé ìwé náà sún mọ́ ojú. "Àtàǹpàkò òsì."

Ó gbé ìwé náà sílẹ̀.

"Mo fún un láyè láti rojọ́. Kí àwọn tó ń yẹ ìka wò wá yẹ èyí wò."

Dhondiram kò wo adájọ́. Èmi ló ń wò.

Ìyá mi ń sunkún ayọ̀. "Ọmọkùnrin mi, òrìṣà Vithoba ò sùn. Bí kì í bá ṣe ìwọ tó dúró tì mí ńkọ́? Mú ọwọ́ rẹ wá."

Ó fà á jáde nínú àpò.

Àtàǹpàkò tí mo fi tẹ ìwé Dhondiram, lọ́jọ́ tí tẹ́tẹ́ orí fóònù jẹ mí run, ni ìyá mi gbé kan ojú rẹ̀ méjèèjì.